Orlando Martins Nínú Sinimá Àtijọ́: Bí Iṣẹ́ Rẹ̀ Ṣe Rí Láti Ìdànrè

Sinimá àtijọ́ ni a lè pe àwọn fíìmù tí wọ́n yà láti nǹkan bí ọdún 1920 títí dé àárín àwọn ọdún 1960, nígbà tí ọ̀pọ̀ nínú wọn jẹ́ dúdú-òun-funfun, tí ènìyàn sì sábà máa ń wò wọ́n nínú gbọ̀ngàn òkùnkùn tí ẹ̀rọ ńlá kan ti ń tan àwòrán sára aṣọ funfun. Bí wọ́n bá ń ka orúkọ àwọn òṣèré ìgbà náà, àwọn ará Amẹ́ríkà àti àwọn Gẹ̀ẹ́sì ni ó máa ń gba iwájú, bẹ́ẹ̀ ọmọ Yorùbá kan tí wọ́n bí ní Òpópónà Òkèsúnà ní Èkó, Orlando Martins, wà lẹ́nu iṣẹ́ náà láti 1926 títí wọ ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1970, ó sì bá àwọn tí òkìkí wọn kárí ayé ṣeré pọ̀, láti orí Paul Robeson títí dé orí Ronald Reagan, ẹni tí ó padà di ààrẹ Amẹ́ríkà. Kókó tí àkọsílẹ̀ yìí dì mú ni irú ipa tí wọ́n ń fún un àti ohun tí ó fi àwọn ipa tóóró bẹ́ẹ̀ ṣe, nítorí pé ọkùnrin yìí, tí ó ga, tí ó síngbọnlẹ̀, tí ohùn rẹ̀ sì jinlẹ̀ tí ó kún ẹnu, ni wọ́n sábà máa ń fún ní ipa tí ọ̀rọ̀ rẹ̀ kò ju ìwọ̀nba lọ.

Ibi tí ènìyàn bá dúró sí wo ìtàn bẹ́ẹ̀ máa ń yí i padà. Láti Atosin, tí òun àti Odode àti Alade jọ para pọ̀ di Ìdànrè ní Ìpínlẹ̀ Oǹdó, ìtàn Orlando Martins dà bí ohun tí ó ṣẹlẹ̀ ní òdìkejì ayé. Ní nǹkan bí 1923, nígbà tí àwọn ará Ìdànrè ń sọ̀ kalẹ̀ láti orí òkè tí àwọn baba ńlá wọn fi ṣe odi, tí wọ́n ń wá tẹ̀dó sí ìsàlẹ̀ nítòsí oko àti ọ̀nà mọ́tò, Martins ti wà ní Lọ́ńdọ̀nù, ó ń wá iṣẹ́ òòjọ́. Nígbà tí ó ń wọ inú fíìmù kan bọ́ sí òmíràn, kòkó ni ilẹ̀ Ìdànrè ń so, sinimá tí irú àwọn ìlú bẹ́ẹ̀ sì kọ́kọ́ mọ̀ ni ti mọ́tò ìjọba, ìyẹn ọkọ̀ tí ó máa ń gbé ẹ̀rọ, aṣọ funfun àti gbohùngbohùn wá sí ìta gbangba ní alẹ́, tí yóò sì fi àwòrán kọ́ àwọn ènìyàn ní ìmọ́tótó, ìtọ́jú ọmọ àti iṣẹ́ oko. Ẹ̀ka ìjọba Gẹ̀ẹ́sì tí ó ń ṣe irú fíìmù bẹ́ẹ̀ fún àwọn ilẹ̀ tí wọ́n ń ṣàkóso bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní 1939. Sinimá tí ó jẹ́ ìtàn àti eré ṣíṣe, irú èyí tí Martins wà nínú rẹ̀, àwọn gbọ̀ngàn tí wọ́n ń san owó wọ̀ ní Èkó, Ìbàdàn àti irú ìlú ńlá bẹ́ẹ̀ ni ó jẹ́ tiwọn.

Ọjọ́ 8, oṣù Kejìlá, ọdún 1899 ni wọ́n bí Martins. Òṣìṣẹ́ ìjọba ni baba rẹ̀, ìdílé baba náà sì tan mọ́ Brazil, èyí tí ó fi hàn pé wọ́n wà lára àwọn Àgùdà, àwọn ọmọ ẹrú tí wọ́n padà wá láti òkè òkun sí Èkó ní ọ̀rúndún kọkàndínlógún, tí wọ́n sì mú orúkọ Potogí, iṣẹ́ ọwọ́ àti ìjọ Kátólíìkì wọn bọ̀. Ìyá rẹ̀ jẹ́ ọmọ ilẹ̀ yìí. Ó wọ ilé ìwé Eko Boys' High School ní 1913, kò sì parí rẹ̀. Nígbà Ogun Àgbáyé Kìíní ó gba iṣẹ́ nínú ọkọ̀ òkun ńlá tí wọ́n ń pè ní Mauretania, níbi tí ó ti ń kó èédú sínú iná tí ń fún ẹ̀rọ ọkọ̀ lágbára. Ìdí tí wọ́n sọ pé ó fi lọ ni pé àwọn ará Jámánì fi ìyà jẹ ìyá rẹ̀ àgbà, ó sì ń wá ọ̀nà láti gbẹ̀san. Bóyá ìbínú ni, bóyá ìfẹ́ láti rí ayé ni, iṣẹ́ èédú inú ọkọ̀ kì í ṣe iṣẹ́ tí ọmọ ọlọ́jà tàbí ọmọ akọ̀wé máa ń fi ìdùnnú yàn.

Lẹ́yìn ogun náà ó dúró sí Lọ́ńdọ̀nù. Àwọn iṣẹ́ tí ó ṣe níbẹ̀ kí ó tó di òṣèré gidi pọ̀, wọ́n sì ṣe é bí ẹni pé wọ́n ń pèsè rẹ̀ sílẹ̀ fún eré: ó ṣe alábàárù ní Billingsgate, ọjà ẹja ńlá ìlú náà, ó ja ìjàkadì fún òǹwòran lábẹ́ orúkọ tí ó túmọ̀ sí Johnson Alápatà Dúdú, ó fi ejò dá àrà nínú agbo eré àwọn ẹranko, ó sì dúró lẹ́yìn àwọn oníjó ilẹ̀ Rọ́ṣíà tí Diaghilev ń darí, láìjó, láìsọ̀rọ̀. Ipò ìkẹyìn yìí ni ó mú un dé inú sinimá. Àwọn tí ń ṣe fíìmù lóde òní ní Nàìjíríà máa ń pe irú òṣèré bẹ́ẹ̀ ní wakapáàsì, ẹni tí ó kàn kọjá níwájú ẹ̀rọ ayàwòrán tàbí tí ó dúró láàárín èrò, tí kò sì ní gbólóhùn kan tí yóò sọ. Fíìmù àkọ́kọ́ tí wọ́n mọ̀ ọ́n mọ́, ní 1926, jẹ́ aláìlóhùn, ìyẹn ni pé ẹnu àwọn òṣèré ń mì ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ wọn ni wọ́n kọ sára aṣọ fún òǹwòran láti kà. Nínú irú sinimá yẹn, wakapáàsì àti ọ̀gá òṣèré jọ dákẹ́ ni; ìgbà tí fíìmù bẹ̀rẹ̀ sí í fọhùn ní ìparí àwọn ọdún 1920 ni ìyàtọ̀ tó hàn láàárín ẹni tí wọ́n kọ ọ̀rọ̀ fún àti ẹni tí wọn kò kọ ọ̀rọ̀ fún.

Ní 1935 ni ó wà nínú Sanders of the River, fíìmù tí Zoltan Korda darí, tí Paul Robeson, akọrin àti òṣèré ọmọ Amẹ́ríkà, sì jẹ́ òṣèré pàtàkì nínú rẹ̀. Etí odò kan ní Nàìjíríà ni ìtàn náà pè ní ibùdó rẹ̀, ajẹ́lẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì kan ni ó sì jẹ́ olóye nínú rẹ̀, tí àwọn ọba àti ìjòyè dúdú wá dà bí ọmọ ilé ìwé níwájú rẹ̀. Ilé àti abúlé tí wọ́n fi igi àti koríko kọ́ sí ẹ̀gbẹ́ Lọ́ńdọ̀nù ni ọ̀pọ̀ nínú ìran náà ti wáyé, àwọn aláwọ̀ dúdú tí ń gbé Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì sì ni wọ́n kó jọ láti ṣe ará abúlé, Jomo Kenyatta tí ó padà di ààrẹ Kenya sì wà lára wọn. Robeson fúnra rẹ̀ kò fẹ́ràn ohun tí wọ́n sọ fíìmù náà dà nígbà tí ó rí i tán. Ní ọdún tí ó tẹ̀ lé e, òun àti Martins tún pàdé lórí ìtàgé Westminster nínú eré tí C. L. R. James kọ lórí Toussaint L'Ouverture, aṣáájú àwọn ẹrú Haiti tí wọ́n gba òmìnira wọn lọ́wọ́ àwọn Faransé. Boukman, ẹni tí ó kọ́kọ́ gbé àwọn ẹrú dìde, ni Martins ṣe. Ìgbà méjì péré ni wọ́n ṣe eré náà. Síbẹ̀ ó yẹ kí a fi Boukman sọ́kàn, nítorí pé ó ṣọ̀wọ́n kí sinimá tó fún Martins ní ipa ẹni dúdú tí ó bínú tí ìwé eré sì gbà pé ìbínú rẹ̀ tọ́.

Bí ìbínú bẹ́ẹ̀ ṣe ń rí nínú sinimá ni Men of Two Worlds fi hàn. Thorold Dickinson ni ó darí fíìmù aláwọ̀ mèremère yìí, ó sì jáde ní 1946. Ìtàn rẹ̀ dá lórí Kisenga, aṣẹ̀dá orin àti atẹdùùrù ọmọ Tanganyika (tí a mọ̀ sí Tanzania lónìí), tí ó ti gbé Lọ́ńdọ̀nù fún ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, tí ó sì padà sílé láti bá ajẹ́lẹ̀ ṣí àwọn ènìyàn rẹ̀ kúrò níbi tí eṣinṣin tsetse, tí ń fa àìsàn oorun, ti ń pa wọ́n. Ẹni tí ó dènà wọn ni Magole, adáhunṣe ìlú. Martins ni Magole. Ó sọ pé Kisenga yóò kú, ìbẹ̀rù ọ̀rọ̀ náà sì fẹ́rẹ̀ẹ́ pa Kisenga ní tòótọ́, bí ó tilẹ̀ jẹ́ ọ̀mọ̀wé. Kí fíìmù náà tó jáde rárá ni WASU, ẹgbẹ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà tí Ládípọ̀ Ṣólàńkẹ́ wà lára àwọn tí ó dá a sílẹ̀ ní 1925, ti fi ẹ̀hónú hàn lórí ìwé eré náà, pé ó ń tàbùkù àwọn ènìyàn dúdú.

Ẹ̀hónú náà kò ṣàì ní ìdí. Ìwé eré náà ti pín ayé sí méjì kí Magole tó yọjú: ìmọ̀ wà lọ́dọ̀ òyìnbó àti ẹni tí òyìnbó kọ́, òkùnkùn wà lọ́dọ̀ adáhunṣe. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá wo ọ̀nà tí Martins gbà ṣe é yóò rí i pé kò ṣe adáhunṣe yìí bí ẹni tí orí ń yí tàbí bí ẹni ẹ̀tàn tí ń fi ojú tẹ́ńbẹ́lú àwọn ènìyàn rẹ̀. Kì í kánjú. Bí ó bá jókòó, ó jókòó bí ẹni tí ó ni ilé. Bí ó bá sọ̀rọ̀, ó sọ ọ́ bí ẹni tí ó mọ̀ pé wọn yóò gbọ́. Nínú ìran tí òun àti Kisenga ti kojú ara wọn, ara Kisenga kò balẹ̀, ẹni tí ìwé eré sì pè ní ọ̀tá ni ara rẹ̀ balẹ̀ jù. Òǹwòran tí ó dàgbà ní ibi tí wọ́n ti ń lọ bá babaláwo àti adáhunṣe fún ìwòsàn, bí wọ́n ti ń ṣe ní Ìdànrè àti yíká ilẹ̀ Yorùbá, yóò dá irú àgbà bẹ́ẹ̀ mọ̀, yóò sì tún mọ̀ pé ìwé eré náà ń ṣe é ní àìdáa. Ní ọdún tí ó tẹ̀ lé e, 1947, ìbò kan tí wọ́n dì nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ka Martins mọ́ àwọn òṣèré mẹ́ẹ̀ẹ́dógún tí àwọn òǹwòran fẹ́ràn jù.

Ipa tí ó sọ orúkọ rẹ̀ di mímọ̀ jù lọ yàtọ̀ pátápátá sí ti Magole. The Hasty Heart jẹ́ eré orí ìtàgé tí John Patrick kọ, tí Martins kópa nínú rẹ̀ ní gbọ̀ngàn Aldwych ní Lọ́ńdọ̀nù ní 1945, kí Vincent Sherman tó fi ṣe fíìmù ní 1949 pẹ̀lú Richard Todd, Patricia Neal àti Ronald Reagan. Ilé ìwòsàn àwọn ọmọ ogun ní Burma, ní òpin Ogun Àgbáyé Kejì, ni ibùdó rẹ̀. Ọmọ ogun Scotland kan tí ń jẹ́ Lachie, onígbéraga tí kì í gba oore lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni, yóò kú láàárín ọ̀sẹ̀ mélòó kan, òun nìkan ni kò sì mọ̀. Àwọn tí wọ́n jọ wà ní yàrá náà mọ̀, wọ́n sì pinnu láti bá a ṣọ̀rẹ́. Ọ̀kan nínú wọn ni Blossom, ọmọ ogun Áfíríkà tí kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì, tí gbogbo ohun tí ó lè fi ẹnu sọ kò ju orúkọ rẹ̀ náà lọ. Martins, tí ó ti sọ Gẹ̀ẹ́sì lórí ìtàgé fún ọdún púpọ̀, ni wọ́n fún ní Blossom.

Blossom yìí gan-an ni gbogbo ìtàn náà rọ̀ mọ́. Nígbà tí Lachie gbọ́ pé òun ń kú lọ, ó yí ẹ̀yìn padà sí gbogbo wọn, ó ní àánú lásán ni wọ́n ń ṣe òun, pé kò sí ọ̀rẹ́ kankan níbẹ̀. Blossom sì mú ìlẹ̀kẹ̀ ọrùn kan wá, ó nà án sí i. Lachie kọ̀ ọ́. Ẹnì kan ni ó wá là á yé e pé Blossom kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì, kò mọ̀ pé Lachie ń kú, nítorí náà ìlẹ̀kẹ̀ yẹn kò lè jẹ́ ẹ̀bùn àánú. Ọ̀rọ̀ yìí ni ó ṣẹ́ ìgbéraga ọkùnrin náà. Òǹkọ̀wé tí ó sọ Blossom di aláìlóhùn ti fi ẹ̀rí òtítọ́ eré rẹ̀ lé e lọ́wọ́ láìjẹ́ pé ó fún un ní ọ̀rọ̀ kan, kò sì sí bí ìran náà ṣe lè dúró bí òǹwòran kò bá gba ojú àti ọwọ́ Martins gbọ́. Wọ́n dárúkọ Todd fún àmì ẹ̀yẹ Oscar nítorí fíìmù náà. Ó tọ́ sí i, ṣùgbọ́n ọwọ́ tí ó na ìlẹ̀kẹ̀ sí i wà lára ohun tí ó gbé e débẹ̀.

Àwọn ọdún 1950 kún fún iṣẹ́, a sì lè yára kọjá lórí púpọ̀ nínú rẹ̀, nítorí pé ìjòyè, olórí abúlé àti atọ́nà àwọn ọdẹ òyìnbó ni ó ń ṣe lóòrèkóòrè. Where No Vultures Fly ní 1951 mú un dé Kenya. Simba ní 1955 dá lórí ogun Mau Mau, ìjà tí àwọn Kíkúyù ń bá àwọn Gẹ̀ẹ́sì jà nítorí ilẹ̀ wọn, ó sì sọ ọ́ láti ẹnu ọ̀nà oko àwọn òyìnbó. Tarzan wá ní 1957. The Nun's Story, tí Fred Zinnemann darí pẹ̀lú Audrey Hepburn, wá ní 1959, Kalulu ni Martins sì jẹ́ nínú rẹ̀. Lójú sinimá ìgbà náà, ẹni tí ó bá ti ga tí ó sì dúdú lè jẹ́ ọmọ orílẹ̀-èdè èyíkéyìí láti Sahara dé gúúsù, ọmọ Èkó yìí sì jẹ́ gbogbo wọn, àfi ọmọ Yorùbá.

Ní 1959 ó padà sí Èkó. Ní ọdún yẹn kan náà, ní ọjọ́ 31 oṣù Kẹwàá, ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn ṣí ilé iṣẹ́ tẹlifíṣàn WNTV ní Ìbàdàn. Owó tí ìjọba náà fi ń ṣe irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀, owó kòkó ni ó pọ̀ jù nínú rẹ̀, kòkó náà sì ń ti àwọn oko bí ti Ìdànrè wá, nítorí náà a lè sọ pé àgbẹ̀ Atosin wà lára àwọn tí ó san owó ẹ̀rọ tí àwòrán fi kọ́kọ́ ń jáde láti ilẹ̀ yìí, bí kò tilẹ̀ ní tẹlifíṣàn nínú ilé rẹ̀. Martins ṣì ń lọ ṣeré fún àwọn òyìnbó ní ìgbà dé ìgbà: Sammy Going South ní 1963, Mister Moses pẹ̀lú Robert Mitchum ní 1965.

Lẹ́yìn náà ni sinimá wá bá a nílé. Ọ̀nà tí ó gbà wá bá a tún kan Ìdànrè lẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, nítorí pé Wọlé Ṣóyínká, tí ó fi orúkọ òkè Ìdànrè pe ìwé ewì rẹ̀ ti 1967, ni ó kọ Kongi's Harvest, eré tí ilé iṣẹ́ Francis Ọládélé sọ di fíìmù ní 1970. Ossie Davis láti Amẹ́ríkà ni ó darí rẹ̀, Ṣóyínká fúnra rẹ̀ ni ó ṣe Kongi, aláṣẹ apàṣẹwàá tí ó fẹ́ gba iṣu tuntun lọ́wọ́ ọba aládé, Martins sì wà nínú rẹ̀. Òǹkọ̀wé náà kò tẹ́wọ́ gba bí wọ́n ṣe tún fíìmù náà tò nígbẹ̀yìn. Síbẹ̀, fún Martins, ìyípadà ńlá ni: lẹ́yìn ogójì ọdún àti jù bẹ́ẹ̀ lọ, ó ń ṣeré nínú ìtàn tí ọmọ Yorùbá kọ, lórí ilẹ̀ Yorùbá, níwájú àwọn tí ó mọ ohun tí ọba àti iṣu tuntun túmọ̀ sí láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni là á yé wọn. Ní 1971 ó ṣe Obierika, ọ̀rẹ́ Okonkwo, nínú fíìmù tí wọ́n gbé jáde látinú ìwé Chinua Achebe. Obierika ni ẹni tí ń ronú kí ó tó sọ̀rọ̀, tí ó sì máa ń bi ara rẹ̀ léèrè bí àṣà kan bá le jù. Ó yẹ kí wọ́n ti fún un ní irú ipa bẹ́ẹ̀ ní ogún ọdún ṣáájú.

Bí a bá wá béèrè ìdí tí ìran tí ó dàgbà ní ìlú kòkó ní àwọn ọdún 1970 àti 1980 fi mọ Hubert Ògúndé àti Adéyẹmí Afọláyan, tí a mọ̀ sí Adé Love, dunjú, tí Martins sì jẹ́ àjèjì sí wọn, ìdáhùn rẹ̀ wà nínú ọ̀nà tí fíìmù gbà ń rìn. Àwọn òṣèré alárìnjò, ìyẹn àwọn ẹgbẹ́ tí ń gbé eré láti ìlú dé ìlú, ni ó sọ ara wọn di oníṣẹ́ sinimá lẹ́yìn tí Ajani Ogun, tí Ọlá Balógun darí tí Adé Love sì jẹ́ òṣèré pàtàkì nínú rẹ̀, jáde ní 1976. Wọ́n ń gbé ẹ̀rọ ìtànwòrán àti jẹnẹrétọ̀ sínú ọkọ̀, wọ́n ń fi fíìmù hàn ní gbọ̀ngàn ìlú àti ilé ìwé, olówó fíìmù a sì máa bá ẹ̀dà rẹ̀ rìn fúnra rẹ̀, nítorí pé ẹ̀dà kan gbówó lórí, olè sì pọ̀. Gbogbo ènìyàn ni ó mọ bí wọ́n ṣe jí Orun Mooru, fíìmù tí aláwàdà Bàbá Sàlá ṣe ní 1982, tí wọ́n dà á sórí fídíò káàkiri, tí gbèsè sì wọ̀ ọ́ lọ́rùn. Àwọn fíìmù Martins kò ní olówó tí ó lè gbé wọn wá sí ibi tí wọ́n ti ń sá kòkó. Àwọn ilé iṣẹ́ òkè òkun ni ó ni èyí tí ó pọ̀ jù nínú wọn, èdè wọn kò sì jẹ́ ti àwọn tí ì bá wò wọ́n.

Ìyàtọ̀ kan ṣì wà tí ó jinlẹ̀ ju ọ̀rọ̀ ọkọ̀ àti ẹ̀rọ lọ. Nínú Aiye tí Ògúndé gbé jáde ní 1979, òun fúnra rẹ̀ ni Ọ̀ṣẹ́túrá, babaláwo tí ń gba ìlú sílẹ̀ lọ́wọ́ àwọn àjẹ́, ó sì tún ṣe é nínú Jaiyesinmi lẹ́yìn náà. Ẹ gbé Magole sí ẹ̀gbẹ́ Ọ̀ṣẹ́túrá: ìmúra wọn fara jọ, ìfarabalẹ̀ wọn fara jọ, agbára ọ̀rọ̀ ẹnu wọn pàápàá fara jọ, ṣùgbọ́n ọ̀kan ni ìlú gbọ́dọ̀ sá fún kí ó tó lè yè, èkejì sì ni ìlú sá di. Bí Ògúndé ṣe di olùgbàlà lójú àwọn òǹwòran rẹ̀, ọgbọ́n eré rẹ̀ nìkan kọ́ ló ṣe é. Òun ni ó ni ìwé eré, òun ni ó sì san owó fíìmù. Martins kò ní ìkankan nínú méjèèjì ní gbogbo ìgbà tí ó fi wà ní Lọ́ńdọ̀nù. Ẹni ọdún márùndínláàádọ́rùn-ún ni nígbà tí ó kú ní Èkó ní ọjọ́ 25, oṣù Kẹsàn-án, ọdún 1985, Reagan tí wọ́n jọ wà ní yàrá ilé ìwòsàn Burma inú fíìmù sì wà lórí àlééfà ní Amẹ́ríkà nígbà náà.